Orúkọ Mẹ́rin Tí Mo Fi Ru Òkúta

Òórùn ọ̀dà gbígbóná ni mo máa ń kọ́kọ́ rántí bí ẹnikẹ́ni bá dárúkọ Ẹ̀gbẹ́dá létí mi. Kì í ṣe Ẹ̀gbẹ́dá ti òde òní o, tí ilé ti fún mọ́ ilé bí hóró àgbàdo. Èyí tí mo ń wí ni Ẹ̀gbẹ́dá ìgbà tí oko ẹ̀gẹ́ ṣì wà lápá ọ̀tún àti lápá òsì ọ̀nà, tí àwọn típà tó ń kó yanrìn lọ sí ẹsíteètì ìjọba máa ń fi eruku bo ewé ẹ̀gẹ́ títí wàá fi rò pé bí Ọlọ́run ṣe dá ewé náà ní pupa nìyẹn. Àgbàlá ilé iṣẹ́ ọ̀nà wà ní ìpẹ̀kun abúlé, wọ́n fi wáyà yí i ká. Bí ilẹ̀ bá ti ń mọ́, wọn á ti dáná sábẹ́ dúrọ́ọ̀mù ọ̀dà, èéfín dúdú á máa yí lọ sókè, òórùn náà á wọ inú irun, á wọ inú aṣọ, á wọ ara ọmọ tí mo pọ̀n. Ìyá mi wá kí wa láti Ọ̀yọ́ nígbà kan, ó gbé ọmọ náà sún mọ́ imú, ó ní ọmọ yìí ń rùn bí ìdí mọ́tò.

Ìgbà owó epo ni. Ìwọ náà rántí bí ó ṣe rí: ilé tuntun ń yọ káàkiri, ọkọ̀ ojú omi tó kó sìmẹ́ńtì tò sí èbúté fún oṣù gbọọrọ láìríbi já a sí, ẹni tó ń gun kẹ̀kẹ́ lánàá sì ti ń wá ibi tí yóò gbé mọ́tò sí lónìí. Bíríkìlà ni ọkọ mi. Ohun tó gbé wa kúrò ní Ọ̀yọ́ nìyẹn, nítorí wọ́n ní ẹsíteètì tí ìjọba ń kọ́ sí ọ̀nà Ìpájà kò rí bíríkìlà tó. A gba yàrá kan ní Akówọ́njọ, nínú ilé onípáànù kan tó ní yàrá mẹ́jọ àti kànga kan. Nígbà tí Múnírù, àkọ́bí wa, pé ọmọ oṣù mẹ́jọ, mo ní èmi náà kò ní jókòó sílé. Mo pọ̀n ọ́n, mo lọ dúró lẹ́nu géètì àgbàlá náà pẹ̀lú àwọn obìnrin mìíràn, wọ́n sì mú mi lọ́jọ́ náà gan-an. Iṣẹ́ wa kò ní àṣírí kankan. A ó fi páànù ru òkúta wẹ́wẹ́ lọ síbi tí ọ̀nà bá ti lu, àwọn ọkùnrin á da ọ̀dà lé e. Lọ́jọ́ tí ọ̀dà kò bá sí, a ó kó pàǹtí inú gọ́tà, a ó gé koríko. Káṣúà ni wọ́n ń pè wá. Mo kọ́kọ́ rò pé orúkọ ẹ̀ka iṣẹ́ wa ni, bí wọ́n ṣe ń pe àwọn kan ní káfíńtà. Ó pẹ́ díẹ̀ kí n tó mọ̀ pé ohun tó túmọ̀ sí ni pé a wà níbẹ̀, a kò sì sí níbẹ̀.

Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyí. Bí oṣù márùn-ún bá ti pé, fọ́maanù á ní kí gbogbo káṣúà lọ sinmi nílé fún ọ̀sẹ̀ kan. Ó pẹ́ lẹ́yìn náà kí lọ́yà kan tó là á yé wa pé ẹni tó bá ti pé oṣù mẹ́fà lẹ́nu iṣẹ́ náà láìdáwọ́ dúró, ó yẹ kí wọ́n kọ lẹ́tà fún un, kó di òṣìṣẹ́ ìjọba gidi, kó máa gba ìsinmi, kí wọ́n máa tọ́jú rẹ̀ bí ó bá ń ṣàìsàn, kó sì ní ohun tí yóò máa jẹ nígbà tó bá fẹ̀yìn tì. Àwa kò mọ èyíkéyìí nínú rẹ̀. Ohun tí a mọ̀ ni pé bí a bá padà dé lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan, akọ̀wé tó ń kọ orúkọ á ti jókòó sídìí tábìlì rẹ̀ lábẹ́ igi máńgòrò, á ṣí ìwé ńlá rẹ̀, á sì máa bi wá ní orúkọ bí ẹni tí kò rí wa rí. Bẹ́ẹ̀, ilé kan náà ni èmi àti ọkùnrin yìí jọ ń gbé. Yàrá rẹ̀ ló kọjú sí tèmi. Ará Abẹ́òkúta ni, ẹni jẹ́jẹ́ tó ń kọrin nínú ẹgbẹ́ akọrin ṣọ́ọ̀ṣì Áńgílíkà. Ìyàwó rẹ̀ ń ránṣọ, wọ́n sì ní ọmọ mẹ́rin. Òun ní lẹ́tà tirẹ̀, ó ti lé ní ọdún mẹ́wàá lẹ́nu iṣẹ́.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo ti ìsinmi tipátipá yẹn dé, mo ní Sìkírátù Láwàní ni orúkọ mi, gẹ́gẹ́ bí ó ṣe mọ̀ ọ́n. Ó gbójú sókè, ó rọra sọ fún mi pé àwọn ọ̀gá ní orúkọ ti tẹ́lẹ̀ kò gbọdọ̀ wọ inú ìwé tuntun, kí n mú òmíràn wá. Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní kó kọ Àbẹ̀kẹ́, oríkì mi, bó bá ṣe pé orúkọ ni wọ́n ń wá. Nígbà tó tún yí po, mo di Àbẹ̀kẹ́ Àjàó, mo fi orúkọ bàbá ọkọ mi sí i. Nígbà kẹta mo yá orúkọ àbúrò mi obìnrin tó wà ní Ọ̀yọ́, mo di Ṣìfáwù Àjàó. Mi ò kà á sí nǹkan kan. Mo ń ru òkúta kan náà lójú ọ̀nà kan náà, páànù yẹn kò bi mí ní orúkọ. Ní alẹ́ mo tún máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ fún ọkọ mi pé ìyàwó mẹ́rin ló fẹ́ báyìí, ó ti kún iye tí ẹ̀sìn gbà á láyè. Bí mo bá rántí ẹ̀rín yẹn nísinsìnyí, ó máa ń rẹ̀ mí.

Bàbá kan wà láàrin wa, ará Ògbómọ̀ṣọ́, òun ni olórí àwọn tó ń se ọ̀dà. Kó tó di pé mo dé ibẹ̀ ló ti wà níbẹ̀. Òun ló kọ́ mi bí èèyàn ṣe ń di òṣùká kí ọrùn má baà wó. Ó ti lo orúkọ rẹ̀, ó ti lo oríkì rẹ̀, ó ti lo orúkọ tí ààfáà sọ ọ́, ó ti lo ti bàbá rẹ̀ àti ti bàbá bàbá rẹ̀. Lọ́jọ́ kan tí a tún tò sábẹ́ igi máńgòrò, èmi ni mo dúró sẹ́yìn rẹ̀. Nígbà tó kàn án, ó tẹjú mọ́lẹ̀. Akọ̀wé ń wò ó. Bàbá náà wá ní orúkọ òun ti tán. Akọ̀wé ní kó sọ èyíkéyìí tó bá wá sí i lẹ́nu. Bàbá náà rọra dá a lóhùn pé kó kọ Ọláníyì. Mo rí i tí akọ̀wé gbójú sókè, tí wọ́n jọ sọ̀rọ̀ kan tí mi ò gbọ́, tí akọ̀wé sì dá gègé rẹ̀ dúró fún ìgbà díẹ̀ kó tó kọ ọ́. Ó tẹ ìka bàbá náà mọ́ íǹkì, ó sì pe ẹni tó kàn.

Kò ju ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lọ lẹ́yìn ìyẹn tí dúrọ́ọ̀mù ọ̀dà fi yẹ̀ lórí òkúta tí wọ́n gbé e lé. Ọ̀nà Ìkọ̀tún la wà lọ́jọ́ náà. Mo ń bọ̀ pẹ̀lú páànù lórí nígbà tí mo gbọ́ igbe, kí n tó sọ ọ́ kalẹ̀, ọ̀dà ti ṣàn lé bàbá náà lẹ́sẹ̀ òsì láti orúnkún títí dé ọmọ ìka. Ọ̀dà kì í ṣe omi gbígbóná tí èèyàn lè nù kúrò. Ńṣe ló máa ń lẹ̀, á sì máa jó lọ níbi tó lẹ̀ mọ́. A gbé e sẹ́yìn típà kan, èmi ni mo gbé orí rẹ̀ lé itan títí a fi dé ọsibítù. Kò ké mọ́ lẹ́yìn igbe àkọ́kọ́ yẹn, ó kàn ń di eyín ni.

Ní ọjọ́ kẹta, àwa bíi mélòó kan lọ sí ọ́fíìsì ẹnjiníà tó jẹ́ ọ̀gá àgbàlá náà láti béèrè ohun tí wọn yóò ṣe fún un. Ẹnjiníà ránṣẹ́ pe ìwé ńlá náà, ó fi ìka tọ́ ọ lọ sísàlẹ̀. Ó ní Ọláníyì tí a ń sọ yìí, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta péré ló ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, ìjọba kò sì mọ káṣúà tí kò tíì pé oṣù kan. Ó mú gègé, ó fa igi lé orúkọ náà níṣojú wa. Nígbà tí mo lọ jíṣẹ́ fún bàbá náà ní ọsibítù, mi ò mọ bí mo ṣe máa sọ ọ́, ṣùgbọ́n ó ti ka ojú mi. Ó bi mí bóyá wọ́n ti pa orúkọ náà rẹ́. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ìgbà náà ló sọ fún mi pé ọmọ òun tí èéyi pa ní Ògbómọ̀ṣọ́ nígbà tó wà lọ́mọ ọdún mẹ́jọ ló ń jẹ́ Ọláníyì.

“Sìkírá,” ó ní, “ọmọ yẹn ti kú lẹ́ẹ̀kan. Èmi ni mo tún gbé e wá síbí.”

Ọ̀rọ̀ yẹn náà ló gbé wa dé kóòtù, kì í ṣe pé a gbọ́n, kì í sì í ṣe pé a gbójú. Nígbà tí mo sọ ọ́ fún àwọn yòókù nínú àgbàlá, olúkúlùkù bẹ̀rẹ̀ sí í ka orúkọ tirẹ̀ sínú. Lọ́yà kan ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ilé ẹ̀kọ́ dé, ó ya yàrá kan lẹ́bàá ọ̀nà ní Ẹ̀gbẹ́dá, ó gbé tábìlì kan àti àga méjì sínú rẹ̀. A lọ bá a. Ó jókòó, ó gbọ́ wa láti ìbẹ̀rẹ̀ títí dé òpin, ó sì ní kí a mú ìwé tó fi hàn pé a ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ wá. A kò ní ìwé. Gbogbo ìwé wà lọ́wọ́ àwọn tí a fẹ́ pè lẹ́jọ́, irọ́ ló sì kún inú rẹ̀. Ó ní ó dáa, ohun tó kù nìkan ni ẹni tó lè dúró níwájú adájọ́ kó sọ pé orúkọ mẹ́rin yìí, èèyàn kan ṣoṣo ni. Gbogbo wa mọ ẹni tó ń sọ. Nítorí pé ilé kan náà la jọ ń gbé, èmi ni wọ́n ní kí n lọ bá a.

Mo lọ lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú, lẹ́yìn tí wọ́n ti ṣọ́ọ̀ṣì dé. Ìyàwó rẹ̀ wà lẹ́nu ọ̀nà nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ. Mo kúnlẹ̀, mo sọ ohun tó gbé mi wá fún ọkọ rẹ̀, ẹ̀rọ náà sì dákẹ́ kí n tó sọ̀rọ̀ dé ìdajì. Akọ̀wé ní òun ti gbọ́. Ìyàwó rẹ̀ ló tẹ̀ lé mi jáde, tó dì mí lọ́wọ́ mú, kò bínú rárá.

“Ìyá Múnírù,” ó ní, “ọmọ mẹ́rin ni mo ní. Ẹ fojú Ọlọ́run wò mí.”

Láti ọjọ́ náà, bí èmi àti akọ̀wé bá pàdé nídìí kànga láàárọ̀, a ó kí ara wa, a ó béèrè àlàáfíà àwọn ọmọ, a ó sì yà. Ó lé ní ọdún méjì tí a fi ń ṣe bẹ́ẹ̀. Bí mo ṣe ń kúnlẹ̀ kí i, inú mi máa ń bàjẹ́ sí i. Bí mo bá sì wo àwọn ọmọ rẹ̀ tó wọ aṣọ ilé ìwé, inú mi á tún bàjẹ́ sí ara mi.

Mo ní ó lé ní ọdún méjì. Ẹni tí kò bá ṣe ẹjọ́ rí yóò rò pé a ń jà láti ọjọ́ dé ọjọ́ ni. Ìjókòó ni ẹjọ́. A ó jí kí wọ́n tó pe ìrun àsùbáà, a ó wọ bọ́lẹ̀kájà láti Akówọ́njọ dé Dópèmú, a ó tún wọ òmíràn dé Ìkẹjà, a ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì gbọọrọ tó wà lóde kóòtù. Ní ọ̀sán, ẹnìkan á jáde wá sọ fún wa pé wọ́n ti sún un síwájú. Lọ́yà ìjọba ń ṣàìsàn. Wọ́n ti gbé adájọ́ lọ síbòmíràn. Fáìlì kò tíì dé. Ọjọ́ kan wà tí a lọ, tó jẹ́ pé ìsinmi ni, kò sẹ́ni tó sọ fún wa. Bàbá Ògbómọ̀ṣọ́ máa ń na ẹsẹ̀ rẹ̀ sórí bẹ́ǹṣì náà, ẹsẹ̀ tó ti kákò, tí awọ rẹ̀ ń dán bí awọ ìlù tuntun. Ojúmọ́ tí a bá lọ sí kóòtù, fọ́maanù kò ní kà wá mọ́ àwọn tó wá síbi iṣẹ́. Ṣùgbọ́n láti ìgbà tí a ti pẹjọ́, wọn kò rán wa lọ sinmi mọ́, wọn kò sì bi wá ní orúkọ tuntun. Àwa mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n la jọ tẹ̀ka sí ìwé ẹjọ́ náà níbẹ̀rẹ̀. Nígbà tí ọdún yí po, a ku mẹ́rìnlá. Nígbà tí adájọ́ tuntun dé, tó ní kí a tún gbogbo rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀, a ku mẹ́sàn-án. Mi ò bá àwọn tó yẹra wí. Àwọn kan nínú wọn ti rí iṣẹ́ sí ẹsíteètì, àwọn kan padà sílé. Ọkọ mi náà sọ fún mi pé kí n fi í sílẹ̀, pé ìjọba kì í jẹ̀bi. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ kóòtù, òun ló máa ń gbọ́ ti Múnírù láàárọ̀ kó tó lọ síbi iṣẹ́.

Ọjọ́ tí wọ́n pè mí láti jẹ́rìí wá dé. Mo ti rò pé ojú á kàn tì mí díẹ̀, mi ò mọ̀ pé wọ́n lè sọ èèyàn di olè níbi tó ti wá gba ẹ̀tọ́ rẹ̀. Lọ́yà ìjọba fara balẹ̀, kò jágbe mọ́ mi. Ó béèrè, ògbufọ̀ túmọ̀ rẹ̀, pé ta ni Ṣìfáwù Àjàó. Mo ní àbúrò mi ló ń jẹ́ Ṣìfáwù. Ó béèrè bóyá àbúrò mi ti ru òkúta rí ní Ẹ̀gbẹ́dá. Mo ní rárá sà, Ọ̀yọ́ ló wà.

“Nígbà náà,” ó ní, “ta ló fi orúkọ rẹ̀ gba iṣẹ́ ìjọba?”

Mo ní èmi ni. Ó kọjú sí adájọ́, ó ní òun kò ní ìbéèrè mọ́. Nígbà tí a jáde, lọ́yà wa ń nu ojú rẹ̀. Ó sọ fún wa ní tòótọ́ pé bí ọ̀rọ̀ bá dúró síbi tó dúró yìí, kì í ṣe pé a ó pàdánù nìkan, wọ́n tún lè yí i padà pé jìbìtì ni a ṣe, pé orúkọ olórúkọ la fi tan ìjọba, ẹ̀wọ̀n sì wà lórí ìyẹn. Ó ní òun yóò ní kí kóòtù fi ìwé ìpè ránṣẹ́ sí akọ̀wé. Ìwé náà á mú un wá, ṣùgbọ́n kò lè mú un sọ̀rọ̀. Bó bá ní òun kò rántí, kò sí ohun tí ẹnikẹ́ni lè fi í ṣe. Mo délé lọ́jọ́ náà, mo di aṣọ Múnírù sínú báàgì kan, mo fi sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, kí wọ́n lè gbé e lọ fún ìyá mi bí wọ́n bá wá mú mi. Mi ò sọ fún ọkọ mi.

Akọ̀wé wá ní ọjọ́ tí ìwé dá fún un, ó wọ ẹ̀wù dúdú tó fi ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Inú bọ́lẹ̀kájà kan náà la jọ wọ̀ láti Akówọ́njọ, ó jókòó sápá ọ̀hún, èmi sápá ibí. Ó gbé Bíbélì sókè, ó búra. Lọ́yà wa bi í bóyá òun ló ń kọ orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ nínú àgbàlá náà. Ó ní òun ni. Lọ́yà bi í bóyá ó mọ àwọn tó jókòó síbẹ̀ yìí. Akọ̀wé wo ọwọ́ ara rẹ̀. Mo ní lọ́kàn mi pé ó ti parí, yóò ní òun kò rántí. Ó wá yíjú sí bẹ́ǹṣì wa, ó bẹ̀rẹ̀ láti ìpẹ̀kun kan, ó ń pe orúkọ. Kò wo ìwé kankan. Gbogbo orúkọ tí olúkúlùkù ti jẹ́, ọ̀kan tẹ̀ lé èkejì bí ó ṣe tẹ̀ lé ara wọn, ó kà wọ́n. Ó dé ọ̀dọ̀ mi, ó ní Sìkírátù Láwàní, Àbẹ̀kẹ́ Láwàní, Àbẹ̀kẹ́ Àjàó, Ṣìfáwù Àjàó. Ó ní obìnrin kan ṣoṣo ni, inú ilé kan náà ni òun àti rẹ̀ ń gbé, òun sì mọ̀ ọ́n láti ọjọ́ tó ti kọ́kọ́ dé. Ó ní òfin tí wọ́n fi lé òun lọ́wọ́ ni pé orúkọ kan kò gbọdọ̀ jáde lẹ́ẹ̀mejì. Kò dárúkọ ẹni tó fi lé e lọ́wọ́, adájọ́ ló bi í kó tó sọ ọ́.

Bàbá Ògbómọ̀ṣọ́ ló fi parí. Ó ka orúkọ márùn-ún àkọ́kọ́ tán.

“Ẹ̀kẹfà ni Ọláníyì,” ó ní. “Ọmọ rẹ̀ tó kú ni. Ó sọ fún mi kí n tó kọ ọ́, mo sì kọ ọ́.”

Ògbufọ̀ túmọ̀ rẹ̀ sí gẹ̀ẹ́sì, ohùn rẹ̀ wálẹ̀ nígbà tó dé ìparí. Adájọ́ tó ti ń kọ̀wé láti àárọ̀ gbé gègé rẹ̀ kalẹ̀, ó wo bàbá náà fún ìgbà pípẹ́ díẹ̀, kó tó tún gbé e. Bàbá náà kò gbójú sókè.

Oṣù márùn-ún lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n dá ẹjọ́. Adájọ́ ní òṣìṣẹ́ ìjọba ni wá láti ọjọ́ tí a ti wọ àgbàlá yẹn, kí wọ́n sì kọ lẹ́tà fún àwa mẹ́sẹ̀ẹ̀sán. Ìwọ yóò rò pé a jó. A kò jó. Lọ́yà wa nìkan ló ń fò sókè, ọmọdé ni. Àwa ra búrẹ́dì lẹ́nu géètì kóòtù, a jẹ ẹ́ nínú bọ́lẹ̀kájà, ẹnìkan sì sùn lọ sí mi léjìká kí a tó dé Dópèmú. Ní ọjọ́ Ajé, mo gbé páànù, mo ru òkúta. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn mẹ́tàdínlógún tó ti yẹra wá sílé mi, wọ́n ń béèrè bóyá a lè ti orúkọ wọn bọ̀ ọ́. Kò ṣeé ṣe. Obìnrin kan nínú wọn, tí a jọ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lọ́jọ́ kan náà, kò kí mi mọ́ láti ìgbà náà. Bàbá Ògbómọ̀ṣọ́ gba lẹ́tà tirẹ̀, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ rẹ̀ kò lè sún mọ́ iná mọ́, wọ́n fi í sẹ́nu géètì, kó máa ṣí i kó máa tì í.

Ní ti akọ̀wé, wọ́n kọ́kọ́ gbé e lọ sí Ẹ̀pẹ́. Kò pé oṣù mẹ́ta tí wọ́n kọ̀wé sí i pé ó tú àṣírí iṣẹ́, wọ́n sì dá a dúró lẹ́nu iṣẹ́. Kò pẹ̀jọ́. Wọ́n kó ẹrù wọn lọ sí Abẹ́òkúta ní ọjọ́ Sátidé kan, ẹ̀rọ ìránṣọ ló gbẹ̀yìn tí wọ́n gbé sókè. Ìyàwó rẹ̀ lọ láti yàrá dé yàrá, ó dágbére fún gbogbo ará ilé yòókù. Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà tèmi. Ó kọjá níwájú mi, ó wọ ọkọ̀.

Ó tó ọdún méjì kí n tó lè lọ wò wọ́n. Èmi àti bàbá Ògbómọ̀ṣọ́ la jọ lọ, a gbé iṣu lọ́wọ́ àti àkùkọ kan. A bá akọ̀wé lábẹ́ àtíbàbà kan lẹ́bàá ilé ìfìwéránṣẹ́, ó ń bá àwọn èèyàn kọ lẹ́tà. Irun rẹ̀ ti funfun sí i. Inú rẹ̀ dùn láti rí wa, ó palẹ̀ tábìlì rẹ̀ mọ́, ó mú wa lọ sílé. Bàbá náà ti ń múra ohun tó máa sọ láti Ẹ̀gbẹ́dá, ó dìde dúró lórí ẹsẹ̀ rẹ̀ tí kò gbé e dáadáa, ó bẹ̀rẹ̀ sí í dúpẹ́. Akọ̀wé gbá a mú, ó ní kó jókòó.

“Ẹ má dúpẹ́, Bàbá,” ó ní. “Èmi náà ni mo kọ orúkọ náà.”

Ìyàwó rẹ̀ gbé omi wá. Ó kúnlẹ̀ kí bàbá náà, ó kí mi, ó béèrè Múnírù. Nígbà tí a fẹ́ máa lọ, ó sìn wá dé ojú títì. Mo fẹ́ sọ ohun kan fún un, mo ti ń wá a láti ọdún méjì, àmọ́ òun ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó bi mí bóyá lẹ́tà mi wà lọ́wọ́ mi. Mo ní ó wà nínú àpótí.

“Ẹ tọ́jú ẹ̀ dáadáa,” ó ní, ó sì yí padà sílé.

Mo tọ́jú rẹ̀. Mo fi í ṣiṣẹ́ títí mo fi fẹ̀yìn tì, òun ni mo fi rán Múnírù àti àwọn àbúrò rẹ̀ níwèé, òun ni mo ṣì ń jẹ lára rẹ̀ dòní. Mi ò sọ pé kò yẹ kí a pe ẹjọ́ náà. Ẹ̀tọ́ wa ni, bó bá tún di àná, mo máa tún jókòó sórí bẹ́ǹṣì yẹn. Ṣùgbọ́n mi ò lè sọ ìtàn rẹ̀ bí àwọn mìíràn ṣe ń sọ ọ́, pé a bá ìjọba jà, a sì borí. Látìgbà yẹn, bí mo bá gbọ́ tí ẹnìkan ní òun jàre ní kóòtù, mo máa ń bá a yọ̀. Lẹ́yìn náà ni mo máa ń fẹ́ bi í léèrè ẹni tó bá a jẹ́rìí, àti bí nǹkan ṣe rí fún ìyàwó àti ọmọ ẹni náà.